Ilé Ọba Tí Ó Jó, àti Ilé Tiyín

Àwọn àgbà máa ń sọ pé ilé ọba tí ó jó, ẹwà ni ó bù sí i. Ẹ̀yin aya ilé àti ẹ̀yin abiyamọ tí ẹ ń ka ìwé yìí yóò ti gbọ́ òwe náà ní àìmọye ìgbà, pàápàá nígbà tí ẹnìkan bá fẹ́ tu ẹni tí ó ṣòfò nínú. Òwe tí ó dára ni. Ṣùgbọ́n kí ni ìdí rẹ̀ tí ilé ọba fi ń lẹ́wà sí i lẹ́yìn tí iná bá ti jó o tán? Iná kò mọ ọba yàtọ̀ sí ẹrú. Ìdí rẹ̀ ni pé ní ọjọ́ kejì tí ààfin bá jó, gbogbo agbo ilé tí ó wà ní ìlú ni yóò dìde. Àwọn kan yóò po ẹrẹ̀, àwọn kan yóò gé igi àjà, àwọn kan yóò ru koríko wá fún òrùlé, àwọn obìnrin yóò sì pọn omi. Òfò tí ó yẹ kí ó jẹ́ ti ẹnìkan ṣoṣo ni gbogbo ìlú pín gbé. Ẹni tí kì í ṣe ọba ńkọ́? Bí ilé tirẹ̀ bá jó, ta ni yóò bá a po ẹrẹ̀?

Ẹ wo ilé gíga tí ó wà ní Dùgbẹ̀, ní ìlú Ìbàdàn, èyí tí gbogbo ayé mọ̀ sí Cocoa House. Owó kòkó àwọn àgbẹ̀ ilẹ̀ wa ni a fi kọ́ ọ, ìdí nìyẹn tí a fi kọ́kọ́ sọ ọ́ ní Ilé Àwọn Àgbẹ̀. Ọdún 1965 ni a parí rẹ̀; àjà 26 ni ó ní, gíga rẹ̀ sì tó mítà 105. Ní ọjọ́ 9, oṣù kìíní, ọdún 1985, iná jó o. Ṣùgbọ́n ilé náà ní baba tí ó ni ín. A wá owó, a tún un ṣe, a sì ṣí i padà ní ọdún 1992. Ó gba ọdún méje gbáko, òótọ́ ni, ṣùgbọ́n ó dìde. Ilé ọba nìyẹn.

Ẹ wá fi èyí wé ohun tí ó dé bá àwọn obìnrin ọjà Lomé, ní ilẹ̀ Togo. Ní òru ọjọ́ 11 mọ́jú ọjọ́ 12, oṣù kìíní, ọdún 2013, iná sọ nínú ọjà ńlá ìlú náà. Ọjà yìí ni ọjà àwọn tí a ń pè ní Nana Benz, àwọn ìyá alájé tí wọ́n sọ òwò aṣọ áńkárá di ọrọ̀ tó bẹ́ẹ̀ tí wọ́n fi ń gun ọkọ̀ Mercedes-Benz, tí orúkọ ọkọ̀ náà sì lẹ̀ mọ́ wọn lára. Òwò tí ìyá dá sílẹ̀, tí ọmọ wá jogún, iná jẹ ẹ́ mọ́jú. Ní Èkó tiwa níhìn-ín, ní ọjọ́ 5, oṣù kọkànlá, ọdún 2019, iná jó ní ọjà Balógun, nígbà tí ọdún Kérésìmesì kù bí ọ̀sẹ̀ méje. Ẹni tí ó bá mọ ọjà Balógun mọ bí ọ̀nà ibẹ̀ ti há tó. Ọkọ̀ panápaná kò lè sáré gba àárín irú ọjà bẹ́ẹ̀ kọjá.

Nígbà tí iná bá jó ilé ìtajà, àwọn ènìyàn a máa ka aṣọ, wọn a ka bàtà, wọn a ka àga àti fíríìjì. Wọn kì í ka gbèsè. Àwìn ni ọ̀pọ̀ obìnrin fi ń kó ọjà, iná tí ó sì jó aṣọ kò jó gbèsè tí a fi rà á. Aránṣọ tí iná jó ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ kò pàdánù ẹ̀rọ ìránṣọ nìkan: aṣọ ìyàwó tí wọ́n gbé fún un láti rán wà níbẹ̀, ẹbí kan ti kó aṣọ ìnáwó wọn síbẹ̀ pẹ̀lú, gbogbo wọn ni yóò sì béèrè tiwọn. Owó àjọ tí a fi sínú àpótí lábẹ́ káńtà kò ní ẹlẹ́rìí. Nínú ilé ẹ̀wẹ̀, ìwé ẹ̀rí ilé ìwé, ìwé ọjọ́ ìbí àwọn ọmọ, ìwé ilẹ̀, àwòrán ìyá tí ó ti kú, èwo nínú ìwọ̀nyí ni ẹ fẹ́ lọ rà ní ọjà? Bí owó ilé ìwé àwọn ọmọ bá sì wà nínú òwò tí ó jóná, ẹ mọ̀ pé iná náà kò tíì kú, àní bí eérú rẹ̀ tilẹ̀ ti tutù.

Nígbà kan rí, bẹ́ẹ̀ gan-an ni ọ̀ràn rí fún àwọn ará ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Ní ọjọ́ 2, oṣù kẹsàn-án, ọdún 1666, iná sọ nínú ilé oníbúrẹ́dì kan ní àdúgbò Pudding Lane, ní ìlú London. Pákó ni wọ́n fi kọ́ ọ̀pọ̀ ilé ibẹ̀, àwọn ilé náà sì fún mọ́ra. Ọjọ́ mẹ́rin ni iná náà fi jà. Nígbà tí yóò fi kú, ilé bí 13,200 àti ṣọ́ọ̀ṣì 87 ti di eérú. Lẹ́yìn ìgbà náà ni ọkùnrin kan tí ó ń kọ́ ilé tà, Nicholas Barbon, wá ronú kan ohun tí àwọn tí ń kọ́ ààfin nílẹ̀ wa ti mọ̀, pé ẹrù tí yóò ṣẹ́ ẹnìkan lọ́rùn, bí a bá pín in fún ẹgbẹ̀rún ènìyàn, kò ju ìwọ̀nba lọ. Ní nǹkan bí ọdún 1680, ó dá iléeṣẹ́ sílẹ̀ tí àwọn onílé ń dá owó díẹ̀ sí, kí ó lè san owó fún ẹni tí iná bá jó ilé rẹ̀. Àwọn mìíràn sì tẹ̀lé ipasẹ̀ rẹ̀. Wọ́n kan àmì irin mọ́ ara ògiri ilé àwọn oníbàárà wọn, wọ́n sì háyà àwọn tí ń tukọ̀ lórí odò Thames láti máa pa iná, nítorí pé ilé tí kò bá jó tán, owó tí wọn yóò san lórí rẹ̀ kò ní pọ̀. Ẹ ò rí i bí iṣẹ́ panápaná ti ti inú ìṣirò owó wá! Ní ọdún 1861, iná ńlá kan ní Tooley Street ná àwọn iléeṣẹ́ wọ̀nyí ní owó tí ó pọ̀ tó bẹ́ẹ̀ tí wọ́n fi ní kí ìjọba wá gba iṣẹ́ náà lọ́wọ́ wọn, ìjọba sì gbà á ní ọdún 1866. Ní Èkó, ọdún 1901 ni a dá ẹgbẹ́ panápaná sílẹ̀, lábẹ́ àwọn ọlọ́pàá.

Òwò tí Barbon dá sílẹ̀ ni a ń pè ní adójútòfò lónìí. Mo mọ̀ pé bí a bá ti dárúkọ rẹ̀, ọ̀pọ̀ nínú yín yóò yọ ṣùtì. Wọn a ní, "Èmi ni kí n máa san owó lọ́dọọdún, kí iná má jó mi, kí owó náà sì lọ bẹ́ẹ̀?" Àjọ ni ó mọ́ wa lára, nínú àjọ, bí ó pẹ́ bí ó yá, olówó yóò gba owó rẹ̀. Ti adójútòfò kò rí bẹ́ẹ̀. Ẹni tí òfò ṣe nìkan ni ó ń kó o, àdúrà wa sì ni pé kí ó má kàn wá. Ṣùgbọ́n ẹ̀yin kan náà ni ẹ ń dá owó ọdẹ tí ń ṣọ́ àdúgbò lóṣooṣù, mi ò sì tíì gbọ́ pé obìnrin kan bínú sí ọdẹ nítorí pé olè kò wá.

Bí ẹ bá fẹ́ ra ààbò yìí, àwọn nǹkan kan wà tí aṣojú tí ó wá bá yín kì í fi gbogbo ìgbà là yé ènìyàn. Àkọ́kọ́ ni pé kí iléeṣẹ́ náà wà lára àwọn tí NAICOM, àjọ tí ìjọba àpapọ̀ gbé kalẹ̀ lórí iṣẹ́ adójútòfò, fún ní ìwé àṣẹ. Èkejì ni pé láti ọdún 2013 ni àjọ náà ti fi ọwọ́ líle mú òfin pé kò sí owó, kò sí ààbò. Ìlérí pé ẹ óò san án ní òpin oṣù kò lè dá yín sílẹ̀ bí iná bá sọ ní àárín oṣù.

Ẹ̀kẹta ni ó ń fa omijé jù. Ẹ jẹ́ kí a sọ pé ọjà tí ó wà nínú ṣọ́ọ̀bù yín tó ₦4,000,000, ṣùgbọ́n nítorí kí owó tí ẹ óò san lè kéré, ẹ kọ ọ́ sílẹ̀ pé ₦2,000,000 ni. Iná wá jó ọjà ₦1,000,000 níbẹ̀. Ẹ óò rò pé, níwọ̀n ìgbà tí ẹ ti gba ààbò ₦2,000,000, a ó san ₦1,000,000 yín pé. Ó tì o. Ìdajì ọjà yín ni ẹ fi sábẹ́ ààbò, nítorí náà ìdajì òfò yín ni ìwé ọ̀pọ̀ iléeṣẹ́ yóò san, ìyẹn ₦500,000. Wọn kò rẹ́ yín jẹ. Bí a ti kọ ọ́ sínú ìwé nìyẹn. Bákan náà, bí ẹ bá sọ àsọdùn, tí ẹ ní ₦8,000,000 ni ọjà náà, ohun tí ó jóná gan-an ni wọn yóò san. Iṣẹ́ adójútòfò kì í fi èrè lé òfò.

Ẹ̀yin tí ẹ ń gbé ilé háyà, ẹ má ṣe rò pé ìwé tí onílé gbà bo ẹrù yín mọ́lẹ̀. Ògiri àti òrùlé ni tirẹ̀. Ibùsùn, aṣọ, ẹ̀rọ ìfọṣọ àti ìkòkò yín, ẹ̀yin ni yóò gba ìwé tiwọn fúnra yín. Ẹ kọ orúkọ àwọn ohun tí ó níye lórí sínú ìwé, ẹ ya àwòrán wọn, ẹ kó rìsíìtì wọn jọ, kí ẹ sì fi ẹ̀dà rẹ̀ pamọ́ sí ilé ẹlòmíràn, bóyá ní ọ̀dọ̀ ìyá yín tàbí ẹ̀gbọ́n yín. Rìsíìtì tí ó wà nínú ṣọ́ọ̀bù tí ó jóná ti bá ṣọ́ọ̀bù lọ. Bí ẹ bá sì ń tọ́jú bẹntiróòlù sínú ṣọ́ọ̀bù aṣọ láìsọ fún wọn, wọ́n lè kọ̀ láti san kọ́bọ̀.

Owó adójútòfò lè ra aṣọ, ó lè kan òrùlé. Kò lè bí ọmọ. Nítorí náà ilé ìdáná ni kí a kọjá sí wàyí.

Ohun mẹ́ta ni iná ń fẹ́ kí ó tó lè wà láàyè: ohun tí yóò jẹ, ooru, àti afẹ́fẹ́. Bí ẹ bá gba ọ̀kan lọ́wọ́ rẹ̀, yóò kú. Omi ń gba ooru lọ́wọ́ rẹ̀, ìdí nìyẹn tí omi fi ń pa iná tí ó bá mú igi, bébà tàbí aṣọ. Ṣùgbọ́n bí òróró inú agbada dòdò bá gbiná, omi ni ọ̀tá yín. Òróró fúyẹ́ ju omi lọ. Omi tí ẹ dà sí i yóò rì sí ìsàlẹ̀, ooru yóò sọ ọ́ di ọ̀yà lójú ẹsẹ̀, ọ̀yà náà yóò sì gbé òróró tí ń jó náà fò sókè, sí ojú yín àti sí àjà. Ẹ pa kúkà. Ẹ mú ìdérí tí ó fẹ̀ tó agbada náà, ẹ rọra tì í bò ó láti iwájú yín lọ, kí ẹ sì fi í sílẹ̀ bẹ́ẹ̀ títí yóò fi tutù pátápátá. Ẹ má gbé agbada náà jáde. Ẹsẹ̀ tí ń sáré pẹ̀lú òróró gbígbóná a máa kọ ọmọ tí ó wà ní ẹnu ọ̀nà.

Gáàsì ìdáná fúnra rẹ̀ kò ní òórùn. Àwọn tí ń ṣe é ni wọ́n fi òórùn burúkú yẹn sí i, kí ènìyàn lè mọ̀ bí ó bá ń jò. Ó wúwo ju afẹ́fẹ́ lọ, nítorí náà ilẹ̀ ni ó máa ń fà sí, yóò máa kóra jọ sí abẹ́ kọ́bọ́ọ̀dù àti abẹ́ ibùsùn, títí iná kékeré kan yóò fi kàn án. Bí ẹ bá gbóòórùn rẹ̀, ẹ má tan iná, ẹ má sì pa èyí tí ó ti wà ní títàn, nítorí pé ojú súìṣì a máa ta iná wínníwínní tí a kò ní fojú rí. Ẹ ti ẹnu sìlíńdà pa bí ọwọ́ yín bá tó o, ẹ ṣí ilẹ̀kùn àti fèrèsé, ẹ kó àwọn ọmọ jáde, kí ẹ tó tẹ ẹnikẹ́ni láago. Ibi tí ó yẹ kí sìlíńdà wà ni ìta, ní ibi tí afẹ́fẹ́ ti ń fẹ́, ní ìdúró. Láti mọ̀ bóyá rọ́bà rẹ̀ ń jò, ẹ po omi ọṣẹ kí ó hó, ẹ fi kànrìnkàn pa á lára; ibi tí ó bá ń jò yóò máa yọ ìhó. Ẹni tí ó bá fi ìṣáná wá ibi tí gáàsì ti ń jò yóò rí i lóòótọ́.

Ẹ̀yin tí ẹ ń lo sítóòfù, ẹ kò gbọdọ̀ rọ epo sí i nígbà tí ó bá ń jó, àní bí àlejò tilẹ̀ ń dúró de oúnjẹ. Ohun tí ó tún burú ju ìyẹn lọ ni kẹrosíìnì tí a ti po bẹntiróòlù mọ́. Ní ọdún 2001 àti ní àwọn ọdún mìíràn lẹ́yìn rẹ̀, irú epo bẹ́ẹ̀ bú gbàmù ní ọ̀pọ̀ ilé ní Nàìjíríà, ó sì pa ìyá, ó pa ọmọ. Kẹrosíìnì tí ó dára kì í tú ọ̀yà tí ó lè gbiná bí kò bá gbóná dáadáa. Bẹntiróòlù ń tú tirẹ̀ ní gbogbo ìgbà, bí ojú ọjọ́ tilẹ̀ tutù. Bí kẹrosíìnì tí ẹ rà bá ń rùn bí epo ọkọ̀, ẹ má dà á sí sítóòfù, ẹ má sì dà á sí àtùpà. Kẹ́ẹ̀gì bẹntiróòlù tí ẹ rà fún jẹnẹrétọ̀ kò sì ní iṣẹ́ kankan í ṣe nínú ilé. Ní ọjọ́ 23, oṣù kẹsàn-án, ọdún 2023, ní Sèmè-Kraké ní ilẹ̀ Benin, ní ẹ̀bá ẹnubodè wa, ibi tí a kó bẹntiróòlù fàyàwọ́ pamọ́ sí gbiná. Ènìyàn tí ó lé ní 30 ni ó kú, ọmọ ọwọ́ sì wà nínú wọn.

Iná ni a ń pe èyí tí ń jó, iná náà ni a ń pe èyí tí ń tàn nínú gílóòbù. Mo máa ń rò pé àwọn baba wa tí wọ́n sọ iná mànàmáná ní orúkọ náà ríran jìnnà. Obìnrin kan ń lọ aṣọ ilé ìwé ọmọ rẹ̀ ní àárọ̀, iná lọ. Ó gbé áyọ́ọ̀nù sórí aṣọ, ó sì bá iṣẹ́ mìíràn lọ. Gbogbo ilé jáde. Ní aago mẹ́wàá, iná dé. Kò sí ẹnikẹ́ni nílé, àfi áyọ́ọ̀nù. Ẹ kọ́ ara yín, ẹ kọ́ ọkọ yín pẹ̀lú, pé bí iná bá ti lọ, ohun àkọ́kọ́ ni kí a yọ ohunkóhun tí ń gbóná kúrò ní ara ògiri, kí a tó wá tọ́ọ̀ṣì. Wáyà kan ṣoṣo tí ẹ fi so fíríìjì, kẹ́tù àti áyọ́ọ̀nù pọ̀, bí ẹ bá fọwọ́ kàn án tí ó gbóná, ó ń kìlọ̀ fún yín. Ní òru, àbẹ́là tí a lẹ̀ mọ́ orí tẹlifíṣọ̀n àti kọ́ìlì ẹ̀fọn tí ó sún mọ́ kọ́tìnì kò yẹ nínú yàrá tí ọmọ ń sùn.

Àwọn tí ń ṣòwò ohun ìdáàbòbò lọ́wọ́ iná pọ̀ lónìí, ohun tí wọ́n sì ń tà wúlò bí ènìyàn bá mọ ohun tí ó ń rà. Agolo pupa gbọọrọ tí a ń fi pa iná kò jẹ́ ọ̀kan náà. Èyí tí ó ní omi nínú, ti igi àti aṣọ ni. Ẹ kò gbọdọ̀ fi í sí òróró tàbí ohun tí iná mànàmáná ń ṣiṣẹ́ lára rẹ̀. Èyí tí ó ní ìyẹ̀fun gbígbẹ nínú lè pa oríṣiríṣi iná, ó sì yẹ fún ọ̀pọ̀ ilé àti fún ọkọ̀, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé yóò fi ìyẹ̀fun kun gbogbo yàrá. Irú ẹ̀yà èyí tí ó jẹ́, a kọ ọ́ sára rẹ̀. Bí ẹni tí ń tà á kò bá lè sọ èyí tí ó ń tà, ẹ kọjá lọ sí ọ̀dọ̀ ẹlòmíràn. Ẹ wo agogo kékeré tí ó wà ní ọrùn rẹ̀. Ibi aláwọ̀ ewé ni kí ọwọ́ rẹ̀ dúró sí. Ẹ gbé e kọ́ sí ẹ̀gbẹ́ ilẹ̀kùn tí ẹ óò gbà jáde, kì í ṣe ẹ̀gbẹ́ kúkà, nítorí pé ẹni tí iná dí mọ́ kò lè na ọwọ́ gba àárín iná kọjá láti mú un.

Ohun tí ó ń dùn mí jù ni pé ní ọ̀pọ̀ ilé, bàbá ilé nìkan ni ó mọ bí a ti ń lò ó, bàbá ilé kì í sì í sí nílé ní aago mọ́kànlá òwúrọ̀. Ẹ yọ irin tí ó dè é lẹ́nu. Ẹ kọjú ẹnu rẹ̀ sí ìdí iná, kì í ṣe sí orí ọwọ́ iná tí ń jó sókè. Ẹ tẹ̀ ẹ́, ẹ máa gbá a lọ gbá a bọ̀ bí ẹni ń gbálẹ̀. Agolo kékeré kì í tó ìdajì ìṣẹ́jú tí yóò fi tán. Bí iná kò bá kú nígbà náà, ẹ sá jáde, ẹ ti ilẹ̀kùn lẹ́yìn yín. Ẹ̀rọ mìíràn tí owó rẹ̀ kò pọ̀ ni èyí tí ń gbóòórùn èéfín tí ó sì ń han gooro. Kì í ṣe inú ilé ìdáná ni a ń gbé e sí, nítorí pé ata díndín yóò máa jí gbogbo ilé. Ọ̀nà tí ó lọ sí yàrá ni àyè rẹ̀.

Wàyí o, ilẹ̀kùn. Ìbẹ̀rù olè ti mú kí a fi irin dí gbogbo fèrèsé wa, kí a sì fi àgádágodo mẹ́ta ti ilẹ̀kùn ní alẹ́. Ní ọjọ́ 25, oṣù kẹta, ọdún 1911, ní ìlú New York, iná sọ ní iléeṣẹ́ aránṣọ kan tí ó ń jẹ́ Triangle. Wọ́n ti ti ọ̀kan nínú àwọn ilẹ̀kùn ibẹ̀ pa, kí àwọn òṣìṣẹ́ má baà jí nǹkan gbé jáde. Àkàbà panápaná kò sì ga tó wọn. Ènìyàn 146 ni ó kú. Obìnrin ni 123 nínú wọn, ọ̀pọ̀ nínú wọn jẹ́ ọ̀dọ́mọbìnrin tí kò tíì wọlé ọkọ. Lẹ́yìn náà ni ìjọba ibẹ̀ ṣe òfin lórí ilẹ̀kùn àti ọ̀nà àbájáde. Olè tí wọ́n dí mọ́ ìta kò pa ẹnikẹ́ni ní ọjọ́ náà. Ẹ jẹ́ kí fèrèsé kan, ó kéré tán, nínú yàrá àwọn ọmọ ní irin tí ó ṣeé ṣí láti inú, kí kọ́kọ́rọ́ rẹ̀ sì wà ní ojú kan tí ọwọ́ àgbàlagbà lè bá nínú òkùnkùn. Ẹ má ti ọmọ mọ́lé nìkan lọ sí ọjà, bí ó tilẹ̀ ṣe wàrà.

Èéfín ń pa ènìyàn kí ọwọ́ iná tó kàn án. Òkè ni ó máa ń gbà, afẹ́fẹ́ tí ó kù a sì wà nítòsí ilẹ̀. Nítorí náà ẹ kọ́ àwọn ọmọ láti máa rákò jáde. Ọmọdé a máa sá pamọ́ sábẹ́ ibùsùn nígbà tí ẹ̀rù bá bà á, àyàfi bí a bá ti kọ́ ọ ṣáájú pé ìta, ní abẹ́ igi kan tàbí ní iwájú ilé kan pàtó, ni gbogbo ẹbí yóò ti pàdé. Ẹni tí ó bá ti jáde kò gbọdọ̀ padà lọ mú owó tàbí bàtà. Ní Ìpínlẹ̀ Èkó, 767 tàbí 112 ni ẹ óò pè. Ní ìlú mìíràn, ẹ yà sí ilé panápaná tí ó sún mọ́ yín nígbà tí ẹ bá ń ti ọjà bọ̀, ẹ gba nọ́ńbà wọn, ẹ kọ ọ́ sára ògiri níbi tí ọmọ tí ó ti mọ̀wé lè rí i kà.

Bí iná tàbí omi gbígbóná bá jó ọmọ, inú ilé yóò kún fún olùgbani-nímọ̀ràn. Ìyá kan yóò ní kí ẹ fi epo pupa sí i, èkejì yóò ní ẹyin tútù, ẹ̀kẹta yóò ní ìpara tí a fi ń fọ eyín. Ẹ fi ọ̀wọ̀ dá wọn lóhùn, kí ẹ má sì fi ọ̀kankan sí i. Ẹ gbé ojú ibẹ̀ sí abẹ́ omi tí ń ṣàn, omi lásán tí kò ní yìnyín nínú, fún ìṣẹ́jú 20. Àkókò náà gùn, ọmọ yóò sì máa ké, ṣùgbọ́n ooru ṣì ń jó ẹran ara lábẹ́ awọ. Ẹ yọ ẹ̀gbà àti òrùka kí ibẹ̀ tó wú, ẹ máà fa aṣọ tí ó bá ti lẹ̀ mọ́ awọ, ẹ má fọ́ ohun tí ó lé bí omi. Lẹ́yìn náà, ẹ fi aṣọ mímọ́ tí kì í tú òwú bò ó fẹ́ẹ́rẹ́. Bí ojú ibẹ̀ bá fẹ̀ ju àtẹ́lẹwọ́ ọmọ náà lọ, tàbí ó jẹ́ ojú, ọwọ́, ẹsẹ̀ tàbí abẹ́, tàbí ọmọ ọwọ́ ni ó ṣe, ẹ gbé e lọ sí ilé ìwòsàn ní ọjọ́ náà gan-an, láìdúró de ilẹ̀ mọ́.